Òun Nìkan Ló Gé E

Ẹni ọdún méjìléláàádọ́rùn-ún ni Felicia Duckett, síbẹ̀ "ó" ni a ó máa pè é nínú ìtàn yìí, a kò ní pè é ní "wọ́n". Kì í ṣe pé a kò mọ bí a ṣe ń bọ̀wọ̀ fún àgbà. Òun fúnra rẹ̀ ló pàṣẹ bẹ́ẹ̀, ó sì nídìí tó fi pa á.

Ìlú Largo ní Amẹ́ríkà ló ń gbé, ní àjà kẹta ilé kan tí fèrèsé rẹ̀ kọjú sí ibùdókọ̀ ojú irin. Obìnrin tó ń tọ́jú rẹ̀ ni Mọ̀nsúrát, ọmọ Ìbàdàn, tó ti lé díẹ̀ ní ẹni àádọ́ta ọdún. Mọ̀nsúrát ń ṣe iṣẹ́ nọ́ọ̀sì ní ọsibítù lọ́jọ́ mẹ́ta láàárín ọ̀sẹ̀. Lọ́jọ́ mẹ́ta mìíràn, yóò wakọ̀ láti Camp Springs, yóò sì wà lọ́dọ̀ Felicia láti àárọ̀ títí di ìrọ̀lẹ́. Lọ́jọ́ àkọ́kọ́ tí wọ́n pàdé ni wọ́n ti jà.

"Ẹ káàárọ̀, Màmá."

"Ta ni màmá rẹ? N kò bímọ."

"Ẹ ò bí mi lóòótọ́, ṣùgbọ́n n kò lè pe yín lórúkọ. Ẹnu mi á wú."

"Jẹ́ kó wú. Ṣebí nọ́ọ̀sì ni ọ́? Wàá tọ́jú ẹ."

Mọ̀nsúrát rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n kò pe orúkọ náà. Ọdún mẹ́rin ni wọ́n fi wà pọ̀ tí kò fi pè é. Ohun kékeré ni lójú ẹni tó bá kọ́kọ́ gbọ́ ọ, ṣùgbọ́n òun náà ló fẹ́ ba gbogbo nǹkan jẹ́.

Ìlú Riverdale Park, nítòsí Largo, ni wọ́n bí Felicia sí. Aránṣọ ni ìyá rẹ̀, ọwọ́ ìyá yẹn ló sì ti kọ́ bí a ṣe ń lo sísọ́ọ̀sì láìfi aṣọ ṣòfò. Lọ́dún 1954, nígbà tó pé ọmọ ọdún mọ́kànlélógún, ó wọ ọkọ̀ ojú irin lọ sí California. Kò fẹ́ di òṣèré. Ó ní ojú òun kò wu òun láti máa wò, ká má tíì sọ tàwọn ẹlòmíràn. Gígé fíìmù, kí a máa gé e kí a sì máa tò ó pọ̀ di ìtàn, ló wù ú, nítorí ẹnì kan ti sọ fún un pé sísọ́ọ̀sì ni wọ́n ń lò.

Ilé-iṣẹ́ kékeré kan ló gbà á. Fíìmù abanilẹ́rù ni wọ́n ń ṣe fún àwọn ilé sinimá tí kò lówó. Ọjọ́ mẹ́fà ni wọ́n fi ń ya fíìmù kan, ọjọ́ méjìlá ni wọ́n fi ń gé e. Ẹgbẹ́ àwọn tó ń gé fíìmù nígbà náà kì í fẹ́ rí obìnrin aláwọ̀ dúdú láàárín wọn, ṣùgbọ́n ilé-iṣẹ́ yìí kò bá ẹgbẹ́ kankan ṣe. Wọ́n fún Felicia ní yàrá kan tí kò ní fèrèsé, wọ́n sì fi ilẹ̀kùn ẹ̀yìn hàn án. Ibẹ̀ ló ń gbà wọlé, ibẹ̀ ló ń gbà jáde.

Fíìmù mọ́kànlá ló gé níbẹ̀. Ẹyọ kan ṣoṣo nínú wọn ni ayé ṣì mọ̀: èyí tí wọ́n pè ní *Ohun Inú Ẹrọ̀fọ̀ Pupa*, tí wọ́n ṣe lọ́dún 1957. Ọkùnrin kan ni wọ́n wọ aṣọ rọ́bà fún kó máa ṣe bí ẹranko tó ń gbé inú ẹrọ̀fọ̀. Síìpù aṣọ náà wà lẹ́yìn, ó tóbi, ó sì ń dán. Ibi yòówù kí ọkùnrin náà yíjú sí, síìpù á yọ. Wọn kò ní aṣọ mìíràn, wọn kò sì lè tún un yà. Felicia wá jókòó, ó gé ẹranko náà kúrò níbi gbogbo. Ó fi ọwọ́ obìnrin kan tó ń gbọ̀n sí ipò rẹ̀, ó fi omi tó ń rú sókè sí i, ó fi ilẹ̀kùn tó ṣí sílẹ̀ díẹ̀ sí i. Nígbà tó parí rẹ̀, kò sẹ́ni tó rí ẹranko náà ju ìṣẹ́jú kan lọ nínú fíìmù náà, bẹ́ẹ̀ ni kò sẹ́ni tó lè fi ẹsẹ̀ kan ilẹ̀ lábẹ́ àga tó jókòó sí.

Lọ́jọ́ kejìlá, wọ́n gbé àwòrán orúkọ àwọn tó ṣe fíìmù náà wá fún un kó lẹ̀ ẹ́ mọ́ iwájú. Ó gbé e sókè síbi iná, ó sì kà á. Níbi tó yẹ kí orúkọ rẹ̀ wà, wọ́n kọ ọ́ pé: *Ẹni tó gé fíìmù: Aaron Tillery.*

Ọmọ ẹ̀gbọ́n ọ̀gá ni Aaron Tillery. Ọmọ ọdún méjìlélógún ni, kò sì fọwọ́ kan sísọ́ọ̀sì rí níbẹ̀ àfi ìgbà tó fẹ́ gé èékánná. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà, ó fi èjìká ti ògiri, ó ń wo Felicia bó ṣe ń kà á.

"Felicia, má wulẹ̀ bínú," ó wí. "Ta ló ń ka orúkọ àwọn tó ń gé fíìmù?"

Felicia fi ọwọ́ ara rẹ̀ lẹ orúkọ Aaron mọ́ iṣẹ́ ara rẹ̀, nítorí pé iṣẹ́ tí wọ́n gbà á fún nìyẹn. Nígbà tí Aaron lọ tán, ó ti ilẹ̀kùn, ó sì mú abẹ́rẹ́ ìyá rẹ̀ jáde nínú àpò.

Láyé ìgbà náà, fíìmù kan kì í wà lórí róòlù kan ṣoṣo. Róòlù méje ni èyí, ọ̀kọ̀ọ̀kan tó ìṣẹ́jú mẹ́wàá. Ẹ̀rọ méjì ni ẹni tó ń fi fíìmù han èèyàn máa ń lò. Bí róòlù kan bá fẹ́ tán, àmì roboto kékeré kan á yọ lókè lápá ọ̀tún àwòrán, kí èèyàn tó ṣẹ́jú, á ti lọ. Bí ẹni tó wà nídìí ẹ̀rọ bá ti rí i, á tan ẹ̀rọ kejì. Ní ilé-iṣẹ́ wọn, ẹni tó bá gé fíìmù náà ló ń fi abẹ́rẹ́ họ àmì yẹn sára fíìmù ìpìlẹ̀, èyí tí wọ́n ti ń tẹ gbogbo ẹ̀dà jáde.

Felicia kò họ ohun roboto. Ní òpin róòlù kìíní, ó họ F. Ní òpin èkejì, E. Bẹ́ẹ̀ ló ń bá a lọ, L, I, C, I. Ó ku róòlù keje. Kò sí róòlù tó tẹ̀ lé e, nítorí náà kò sídìí fún àmì kankan níbẹ̀. Felicia họ A síbẹ̀.

Láti ọjọ́ náà, kò sí ẹ̀dà fíìmù yẹn kan láyé tí orúkọ rẹ̀ kò sí nínú rẹ̀. Kò sì sẹ́ni tó rí i.

Ìyá rẹ̀ ṣàìsàn lọ́dún 1963, Felicia sì padà sílé. Ó wá ṣe aránṣọ ní Camp Springs, lẹ́gbẹ̀ẹ́ bárékè àwọn sójà òfurufú, ó ń tún yúnífọ́ọ̀mù wọn rán, ó ń gé ẹsẹ̀ ṣòkòtò wọn. Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n ló fi ṣe é. Kò sọ fún ẹnikẹ́ni pé òun gé fíìmù rí. Ṣùgbọ́n ó ní agolo bisikíìtì kan. Abẹ́rẹ́ náà wà nínú rẹ̀, gbogbo ìgbà tó bá sì rí orúkọ Aaron Tillery nínú ìwé ìròyìn, á gé e, á kó o síbẹ̀. Agolo náà kún. Aaron ti di olùkọ́ ní yunifásítì, ó ń kọ́ àwọn ọ̀dọ́ ní bí a ṣe ń gé fíìmù. Ó kọ ìwé méjì. Nínú èyí tó gbayì jù, ó ní ọgbọ́n tí òun fi gé ẹranko inú ẹrọ̀fọ̀ kúrò wá sí òun lọ́kàn nígbà tí òun ń rìn létí òkun. Nígbà tí Felicia ka ibẹ̀ yẹn, ó dìde, ó fọ àwo tó ti fọ̀ tẹ́lẹ̀, ó sì tún un fọ̀.

Ní oṣù Kẹsàn-án ọdún tó kọjá, Mọ̀nsúrát mú ìwé pélébé kan bọ̀ láti ilé ìkàwé. Ẹgbẹ́ àwọn olólùfẹ́ sinimá àtijọ́ kan fẹ́ fi fíìmù náà hàn ní gbọ̀ngàn kan ní Riverdale Park. Àfihàn ìkẹyìn ni, nítorí lẹ́yìn rẹ̀ wọn yóò fi kọ̀ǹpútà fọ fíìmù náà mọ́, wọn yóò sì pa gbogbo ìlà àti àmì tí abẹ́rẹ́ tàbí eruku fi sí i rẹ́. Ọ̀gbẹ́ni Aaron Tillery, ẹni tó gé e, yóò wá, wọn yóò sì fún un ní àwo idẹ láti dá a lọ́lá.

"Kà á lẹ́ẹ̀kan sí i," ni Felicia wí. "Ibi tí wọ́n ti sọ̀rọ̀ àmì."

Mọ̀nsúrát kà á. Felicia wá gbé agolo náà sílẹ̀ lórí tábìlì, ó ṣí i, ó sì sọ ìtàn náà fún èèyàn fún ìgbà àkọ́kọ́ láyé rẹ̀. Bó ṣe parí rẹ̀, Mọ̀nsúrát ti bọ́ ìbòrí rẹ̀, ó fi ń nu ojú.

"Ẹkún kọ́ ni mo fẹ́," Felicia wí. "Ọwọ́ mi ń gbọ̀n. Kọ̀wé sí wọn fún mi kí wọ́n tó pa mí rẹ́."

Alẹ́ ọjọ́ náà Mọ̀nsúrát kọ ọ́ nílé, ó fi ímeèlì ránṣẹ́ sí Stephanie, obìnrin tó jẹ́ alága ẹgbẹ́ náà. Òyìnbó tó dáa ló kọ. Ogún ọdún ló ti lò ní Amẹ́ríkà, ó mọ ìyàtọ̀ "she" àti "they" dáadáa. Ṣùgbọ́n Yorùbá ni ọkàn rẹ̀ fi ń ro ọ̀rọ̀ náà, ẹni ọdún méjìléláàádọ́rùn-ún ló sì ń sọ̀rọ̀ nípa rẹ̀. Wọ́n jókòó sínú yàrá náà. Wọ́n gé e fún ọjọ́ méjìlá. Wọ́n fi abẹ́rẹ́ họ orúkọ wọn sí i. Láti òkè dé ilẹ̀, "they" ló kọ, kò sì dárúkọ Felicia níbì kankan. Kò tilẹ̀ mọ̀ pé òun kọ ọ́ bẹ́ẹ̀.

Lọ́jọ́ kejì, èsì dé. Stephanie kọ̀wé tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀ pé inú òun dùn láti gbọ́ pé àwọn èèyàn púpọ̀ ló bá Ọ̀gbẹ́ni Tillery ṣiṣẹ́ nínú yàrá yẹn. Òun ti bi í, ọkùnrin náà sì jẹ́rìí sí i pé àwọn obìnrin kan wà tó ń bá òun lẹ fíìmù pọ̀. Wọn yóò dúpẹ́ lọ́wọ́ gbogbo wọn lápapọ̀ lọ́jọ́ náà. Fífọ fíìmù yóò tẹ̀ síwájú.

Felicia ní kí Mọ̀nsúrát fi lẹ́tà tó kọ han òun. Ó fi awò ojú kà á.

"Ta ni àwọn wọ̀nyí?" ó bi í. "*They, they, they.* Èèyàn mélòó lo rí nínú yàrá mi?"

Ìgbà náà ni Mọ̀nsúrát tó rí ohun tó ṣe. Ó gbé ọwọ́ lé orí. "Yé! Màmá, ẹ dárí jì mí. Ẹ̀yin nìkan ni mo ní lọ́kàn. Bí a ṣe ń pe àgbà nìyẹn. A kì í pe àgbà ní 'ó', a máa ń pè é ní 'wọ́n'."

"Ọkùnrin yẹn sọ mí di ẹni tí kò sí," Felicia wí. "Ìwọ wá sọ mí di èrò."

Mọ̀nsúrát kúnlẹ̀. Felicia ní kó dìde, pé orúnkún rẹ̀ kọ́ ni òun nílò, ọkọ̀ rẹ̀ ni.

Ọ̀sán Sátidé ni àfihàn náà. Mọ̀nsúrát ti Felicia wọlé lórí àga oníkẹ̀kẹ́, wọ́n jókòó sí ìlà kejì. Èèyàn bí ọgọ́rùn-ún ló wà níbẹ̀. Ọmọ àádọ́rùn-ún ọdún ni Aaron báyìí, funfun ni gbogbo orí rẹ̀, àwọn ọmọ-ọmọ rẹ̀ méjì sì jókòó sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Ó kọjá níwájú Felicia, ó rẹ́rìn-ín músẹ́ sí i bí a ṣe ń rẹ́rìn-ín sí arúgbó tí a kò mọ̀.

Wọ́n tan fíìmù náà. Felicia kò wo nǹkan mìíràn àfi igun ọ̀tún lókè. Ní ìṣẹ́jú mẹ́wàá mẹ́wàá, Mọ̀nsúrát ń gbọ́ tó ń sọ ọ́ lábẹ́ ahọ́n: "F. E. L." Nígbà tó kan lẹ́tà ìkẹyìn, ó di ọwọ́ Mọ̀nsúrát mú, ó dì í le.

Nígbà tí wọ́n tanná, Aaron bọ́ síwájú. Àwo idẹ náà wà lórí tábìlì lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ó pẹlẹbẹ, wọ́n fi ọ̀dà dúdú kọ orúkọ rẹ̀ sára rẹ̀. Ó gba máìkì.

"Ohun tí a kò bá fi han èèyàn," ó wí, "òun ló ń bà á lẹ́rù jù. Etí òkun ni mo wà nígbà tó wá sí mi lọ́kàn."

Àwọn èèyàn pàtẹ́wọ́. Felicia bú sẹ́rìn-ín, ẹ̀rín gidi, tó fi jẹ́ pé àwọn tó wà níwájú yíjú padà.

"Síìpù ni!" ó wí.

Stephanie rò pé ó ní ìbéèrè, ó sì mú máìkì kejì wá fún un.

"Ọ̀gbẹ́ni Tillery," ni Felicia wí, "róòlù mélòó ni fíìmù yìí?"

"Méje."

"Àmì tó ń yọ níbi tí róòlù bá fẹ́ tán, iṣẹ́ wo ló ń ṣe?"

"Ó ń sọ fún ẹni tó wà nídìí ẹ̀rọ pé kó tan róòlù tó kàn." Inú rẹ̀ ń dùn, irú ìbéèrè tí olùkọ́ ń fẹ́ ni.

"Ta ló họ ọ́?"

"Ẹni tó bá gé fíìmù ni. Èmi ni mo họ ọ́."

"Ìwọ lo họ ọ́. Ó dáa. Gbogbo yín gbọ́." Felicia gba èémí. "Àmì wà ní òpin róòlù keje. Róòlù wo ló fẹ́ tẹ̀ lé e?"

Aaron ní bóyá eruku ni.

"Eruku tó lẹ́sẹ̀ méjì, tí wọ́n sì fi igi dábùú rẹ̀ láàárín?"

Àwọn kan rẹ́rìn-ín. Stephanie kò rẹ́rìn-ín. Wọ́n ti gba àwòrán fíìmù náà sínú kọ̀ǹpútà nítorí àtifọ̀ ọ́, ó sì lọ sídìí rẹ̀, ó wá òpin róòlù keje, ó dá a dúró, ó sì fẹ̀ ẹ́ sórí ògiri. A ni, dúdú, ó tẹ̀ díẹ̀ sí òsì.

"Padà sí ìkíní," Felicia wí. "Kí o máa bọ̀ díẹ̀díẹ̀."

Stephanie ṣe bẹ́ẹ̀. Bí lẹ́tà kọ̀ọ̀kan ṣe ń yọ lára ògiri, àwọn tó wà nínú gbọ̀ngàn bẹ̀rẹ̀ sí í kà á sókè, láìsí ẹni tó ní kí wọ́n kà á. F. E. L. I. Nígbà tí wọ́n fi máa dé A, gbogbo ilé ló ń kà á pọ̀.

"Felicia?" Aaron wí. Ó ti mọ̀ ọ́n báyìí.

"O ní ta ló ń kà á," ni Felicia wí nínú máìkì. "Wọ́n ń kà á."

Aaron sọ̀ kalẹ̀ wá bá a. Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àga rẹ̀, ó sì fi ohùn jẹ́jẹ́ sọ̀rọ̀. "Ẹni àádọ́rùn-ún ọdún ni mí, Felicia. Àwọn ọmọ-ọmọ mi wà níbí."

"Mo rí wọn. Wọ́n jọ ẹ́. Kí wọ́n jókòó."

"Màmá, ó ti tó," Mọ̀nsúrát sọ létí rẹ̀.

"Kò tíì tó."

Aaron dìde, ó yíjú sí Stephanie. "A jọ ṣe é ni. Ẹ kọ orúkọ àwa méjèèjì." Ó hàn lójú Stephanie pé ọ̀rọ̀ náà bá a lára mu, pé ó fẹ́ kí gbogbo èèyàn lọ sílé ní ìrọ̀rùn.

"Dárúkọ ibì kan tí o gé," Felicia wí. "Ibì kan péré. Kí o sọ ìdí tí o fi gé e. Bí o bá lè sọ ọ́, orúkọ rẹ á dúró."

Gbogbo gbọ̀ngàn dúró dè é. Ẹni tó ti kọ́ni ní gígé fíìmù fún ogójì ọdún dúró, ó ń fi àtàǹpàkò pa etí jákẹ́ẹ̀tì rẹ̀. Ọmọ-ọmọ rẹ̀ obìnrin dìde, ó dì í lápá, wọ́n sì jáde. Kò sẹ́ni tó rántí gbé àwo idẹ náà fún un.

Stephanie wá bá Felicia pẹ̀lú bébà kan. Àwọn kò ní pa àmì kankan rẹ́, ó wí. Kí Felicia kọ ohun tó fẹ́ kí àwọn fi sí iwájú fíìmù náà sílẹ̀. Felicia na bébà náà sí Mọ̀nsúrát.

"Kọ ọ́. Má kọ èrò."

Mọ̀nsúrát di bírò mú, kò kọ. Ó wo obìnrin arúgbó náà bí ẹni tí wọ́n ní kó gbá ìyá rẹ̀ létí.

"Orúkọ mi," Felicia wí. "Lẹ́yìn náà, 'ó'."

Mọ̀nsúrát kọ ọ́: *Felicia Duckett ló gé fíìmù yìí. Òun nìkan.* Ó kà á sókè kó lè dá a lójú, ìyẹn sì ni ìgbà àkọ́kọ́ tó dárúkọ rẹ̀.

"Ṣé ẹnu rẹ wú?"

"Kò tíì wú, Màmá."

Kí wọ́n tó jáde, Felicia nawọ́ sí tábìlì. "Gbé àwo yẹn wá."

Ní Largo, ó gbé e sórí itan lójú fèrèsé, ó mú abẹ́rẹ́ jáde nínú agolo. Lẹ́tà méjìlá ló wà nínú *Aaron Tillery*. Ọwọ́ rẹ̀ kò lè ṣe ju ẹyọ kan lọ lóòjọ́, ó sì ní ìyẹn bá òun mu, nítorí pé ọjọ́ méjìlá ni òun fi gé fíìmù náà. Ní ọjọ́ karùn-ún, Aaron fóònù. Mọ̀nsúrát gbé e sí i létí. Ọkùnrin náà bẹ̀ ẹ́ pé kó jẹ́ kí òun kú pẹ̀lú orúkọ ẹni tó gé fíìmù náà. Felicia gbọ́ ọ títí tó fi parí.

"Mo wà ní N," ó wí, ó sì dá fóònù padà fún Mọ̀nsúrát.

Ní ọjọ́ kejìlá, Y lọ. Idẹ náà wá ń dán láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin, ìlà abẹ́rẹ́ ló kún un. Mọ̀nsúrát ní òun mọ ọkùnrin kan ní Camp Springs tó ń kọ orúkọ sára irin, pé òun lè gbé e lọ kó kọ *Felicia Duckett* síbẹ̀.

"Rárá," Felicia wí. Ó gbé àwo náà sójú fèrèsé, níbi tí oòrùn á ti máa bà á. "Tèmi wà nínú fíìmù. Ibi tó ṣófo yẹn, ti Aaron ni."